Ọjọ́ Tí Òrí Dì Mọ́ Àkéré Lára

"Bàbá Ọdẹ́jìnmí, ẹ kú ilé o. Iná àpótí yín ti pọ́n."

Ohùn àwòdì ìjọba nìyẹn, ẹ̀rọ tó ń fò kiri ṣọ́ wa, lójú fèrèsé mi, mi ò tíì fọ ẹnu. Ohùn obìnrin ni wọ́n fi sí i lẹ́nu, ohùn jẹ́jẹ́ bí ìyàwó tuntun, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó ń sọ, ọ̀rọ̀ ọlọ́pàá ni. Ó dúró nínú afẹ́fẹ́, kò ju abọ́ ọbẹ̀ lọ, ojú kan ṣoṣo tó ní ń wò mí tààrà.

"Mo rí i," mo ní. "Ṣé mo fọ́jú ni?"

"Ẹ ò fọ́jú, bàbá. Ẹ ò kí Ìyá Ṣìfáwù ni. Láti ọjọ́ ọjà tó kọjá, ẹ ò kí wọn, àwọn náà ò kí yín. Òfin ní tí olùtọ́jú ìbọn àti olùtọ́jú ọta ò bá bára wọn sọ̀rọ̀, kí àpótí méjèèjì tì pa. Tí iná yìí bá ṣì pọ́n nígbà tí oòrùn bá kan àtàrí, mo máa gbé ìbọn lọ."

"Gbé e lọ síbo?"

"Ìgbòho."

"Ta ni yóò wá lé erin?"

Ó dákẹ́ díẹ̀. Wọn kì í dákẹ́, àwọn nǹkan wọ̀nyí, àfi tí wọ́n bá ń bá ẹgbẹ́ wọn sọ̀rọ̀ lókè. "Ìyálóde ti sọdá odò láàárọ̀ yìí," ó ní. "Àwọn tó tẹ̀ lé e pọ̀. Ọ̀nà Àgọ́ Ẹmì ni wọ́n kọjú sí."

Ìyálóde tó ń wí yẹn kì í ṣe èèyàn o. Abo erin àgbà ni, òun ló ń ṣáájú àwọn erin tó wà nínú igbó ńlá ẹ̀yìn wa. Wọ́n fi yẹtí irin sí i létí, yẹtí yẹn ló ń sọ fún àwòdì ibi tó bá wà. Ẹ̀yin ọmọ ìsìnyí tí ẹ bá erin láyé, ẹ máa rò pé bẹ́ẹ̀ ló ti ń wà. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, inú oríkì nìkan la ti ń pàdé erin. Ojú wa báyìí ni igbó ṣe padà hù, tí erin padà dé, tí ìjọba sì fún wọn lẹ́tọ̀ọ́ ọ̀nà bí ẹni fún olóyè. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ ta wọ́n níbọn, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ òkò lù wọ́n. Ariwo nìkan lèèyàn lè pa mọ́ wọn. Ariwo Àkéré sì ni Ìyálóde ń bẹ̀rù.

Àkéré lorúkọ tí mo sọ ìbọn mi. Kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ, tó bá dún, á fò sókè lọ́wọ́ èèyàn bí àkéré létí odò. Ọta aláriwo ni wọ́n ń kì í, kò lójú irin, ṣùgbọ́n ẹ má fojú kéré rẹ̀ o, ó lè jó èèyàn lójú, ó lè ya èèyàn lọ́wọ́. Ìdí nìyẹn tí òfin fi pín in sí méjì. Ìbọn wà lọ́dọ̀ mi nínú àpótí irin lẹ́bàá ibùsùn. Ọta wà lọ́dọ̀ Ìyá Ṣìfáwù ní òdìkejì títì, nínú àpótí tirẹ̀. Àpótí mi ò ní ṣí àfi tó bá gbọ́ ohùn rẹ̀, tirẹ̀ ò ní ṣí àfi tó bá gbọ́ tèmi. Lójú tèmi, àwọn tó ṣòfin yẹn gbọ́n. Ta ló fẹ́ fi ìbọn ṣèkà tó máa kọ́kọ́ lọ bẹ aládùúgbò rẹ̀ pé kó wá bá òun ṣí àpótí?

Wàhálà ibẹ̀ ni pé èèyàn gbọ́dọ̀ máa bá aládùúgbò yẹn rẹ́. Aládùúgbò tèmi ló wá jẹ́ Ìyá Ṣìfáwù yìí.

Ẹ jẹ́ n sọ ohun tó fa ìjà. Lọ́jọ́ ọjà, a gbé Àkéré jáde ká yẹ̀ ẹ́ wò, bá a ti máa ń ṣe kí erin tó bẹ̀rẹ̀ ìrìn. Ọyẹ́ ti dé, ètè gbogbo wa ti là. Mo fa irin òkè rẹ̀ sẹ́yìn kí n lè fi inú rẹ̀ hàn án. Irin lọ sẹ́yìn, kò padà mọ́. Ó dúró sáàárín, ó há bí ewúrẹ́ tó ki orí bọ ọgbà. Mo tì í, kò lọ. Mo fà á, kò bọ̀. Ìyá Ṣìfáwù fi ìka kan ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ó gbé ìka sí imú, ó bú sẹ́rìn-ín.

"Bàbá Ọdẹ́jìnmí, òrí lẹ fi pa á!"

"Kí ni kí n fi pa á? Ọbẹ̀ ilá?"

"Òrí, nínú ọyẹ́? Ẹ wò ó bó ṣe dì bí ẹ̀kọ àná!"

Ó dùn mí. Ọdẹ ni bàbá mi, ọdẹ ni bàbá tó bí i. Igi ẹmì ló yí abúlé wa ká, òrí ẹmì yìí sì ni wọ́n fi ń pa ìbọn láti ọjọ́ aláyé ti dáyé. Mo ní, "Aránṣọ wo ló fẹ́ kọ́ ọmọ ọdẹ ní ìtọ́jú ìbọn? Ẹ lọ máa ki òwú bọ abẹ́rẹ́ yín."

Ó ní, "Ó dáa."

Ó gbé àpótí ọta rẹ̀, ó sọdá. Ẹ̀yin ọkùnrin, tí obìnrin bá ní "ó dáa" tí kò fi nǹkan kan kún un, ẹ yáa wá ibi tẹ́ ẹ máa sá sí.

Ọ̀rọ̀ dé ibi tó dé nìyẹn o. Mo fọ ẹnu, mo wo ìta. Ìyàwó mi ò sí nílé kó bá mi dá sí i, ó ti lọ Ìlọrin lọ wẹ ọmọ fún ọmọ wa. Oko ọkà bàbà gbogbo abúlé wà lẹ́yìn ilé mi, ó ti gbó, ó ti tẹrí ba, ká kó o wálé ló kù. Tí agbo erin bá fi ẹnu kàn án, ẹ̀wà ni gbogbo Àgọ́ Ẹmì máa jẹ títí òjò ọdún tó ń bọ̀. Kò sì sí ìbọn mìíràn lápá ọ̀dọ̀ wa yàtọ̀ sí Àkéré, Àkéré nìyẹn nínú àpótí, òun àti òrí ara rẹ̀, iná pupa lórí rẹ̀ bí ojú ẹni tí kò sùn.

Mo dá ọgbọ́n kan. Mo yọrí lójú fèrèsé, mo kígbe.

"Ìyá Ṣìfáwù, ẹ kú ọyẹ́ o!"

Ó ń gbálẹ̀ iwájú ilé rẹ̀. Kò gbójú sókè. "Hùn."

Mo kọjú sí àwòdì. "Ṣó o gbọ́? Mo kí i, ó dáhùn. Pa iná rẹ."

"Mo gbọ́, bàbá. Ìkíni yẹn ò dénú."

"Kí ni tìẹ ti inú? Ìwọ tó ò ní ìfun!"

"Tínú yín bá dùn sí wọn, ẹ máa ń béèrè orúnkún wọn. Ẹ ò béèrè orúnkún."

Bùsárì ahungbọ̀n wà lábẹ́ igi ẹmì níwájú ilé tirẹ̀, ó ju agbọ̀n sílẹ̀, ó dì mọ́ ikùn. "Bàbá, àwòdì mú yín! Ẹ béèrè orúnkún o, kí erin má baà jẹ wá tán!"

"Hun agbọ̀n rẹ," mo ní. "Wọn ò pè ọ́ sí i."

Mo wọ bàtà, mo sọdá. Ìyá Ṣìfáwù ò dúró. Ó gbá iyẹ̀pẹ̀ lé mi lẹ́sẹ̀ bí ẹni pé òpó ni mí.

"Ẹ kú iṣẹ́ o," mo ní. "Orúnkún ńkọ́?"

"Àwòdì ló ní kẹ́ ẹ béèrè. Mi ò dití."

"Ẹ ò tiẹ̀ ní fún mi níjòkóó?"

"Ọmọ ọdẹ kì í jókòó ti aránṣọ. Abẹ́rẹ́ lè gún un."

Ẹ ò rí i pé ó ti tọ́jú ọ̀rọ̀ yẹn pa mọ́ láti ọjọ́ ọjà. Mo gbé e mì. "Erin ń bọ̀, Ìyá Ṣìfáwù."

"Mo gbọ́ ìyẹn náà. Ọkà tèmi wà nínú oko yẹn. Ohun tẹ́ ẹ bá wá sọ, ẹ sọ ọ́."

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń gbọ́ mi yìí, ẹ lè ní ọ̀rọ̀ kékeré ni. Kí n kàn ní òrí ò dáa, kó tán síbẹ̀. Ṣùgbọ́n ọwọ́ bàbá mi ni mo ń rí nínú òrí yẹn. Tó bá ti igbó dé, á jókòó síwájú ilé, á bu òrí sí àtẹ́lẹwọ́, á fi ọwọ́ kejì rà á títí á fi yọ́, á wá máa fi pa ìbọn lára bí ẹni ń pa ọmọ lára. Òórùn òrí ni òórùn rẹ̀. Tó bá gbé mi mọ́ra, òun ni mò ń gbọ́. Tí mo bá wá dúró níwájú aránṣọ kan, tí mo ní òrí ò dáa, ta ni mo bú?

Mo sọ ọ́ fún un bẹ́ẹ̀. Mi ò tiẹ̀ mọ̀ pé mo fẹ́ sọ ọ́, ẹnu mi ló gbé e jáde.

Ìyá Ṣìfáwù dá ọwọ́ dúró. Ó gbé ọwọ̀ ti ògiri.

"Irú ìbọn wo ni bàbá yín ń lò?"

"Ṣakabùlà."

"Báwo ló ṣe rí?"

"Ó ga tó èmi nígbà yẹn. Àtàǹpàkò wọ ẹnu rẹ̀."

"Ṣé irin kan wà lára rẹ̀ tó ń gun irin mìíràn, tó ń sáré lọ, tó ń sáré bọ̀?"

"Rárá o. Ọ̀pá gbọọrọ ni."

"Kí wá ni òrí fẹ́ há mọ́ níbẹ̀?" Ó nu ọwọ́ sára ìró. "Òrí dáa fún ìbọn bàbá yín, Bàbá Ọdẹ́jìnmí. Bàbá yín ò ṣi nǹkan kan ṣe. Àkéré ni kò lè jẹ òrí. Gbogbo ara rẹ̀ ló fún mọ́ra bíi ti máṣíìnì ìránṣọ. Èmi tí mò ń bá yín wí yìí, nígbà tí mo ń kọ́ṣẹ́, mo fi òrí sínú máṣíìnì ọ̀gá mi nínú ọyẹ́ báyìí báyìí. Mo rò pé mo gbọ́n. Aṣọ ìyàwó wà lórí rẹ̀, ìyàwó dúró lẹ́nu ọ̀nà. Máṣíìnì ké 'kíì,' ó dì pa. Bàbá, rúlà onígi ni ọ̀gá mi fi lé mi yí ilé po!"

Ó fi hàn mí bó ṣe sáré. Ó fi ọwọ́ méjèèjì di ìdí mú, ó ń fò ní ẹsẹ̀ kan ẹsẹ̀ kan yí àmù omi ká, ìyá àgbà tòun ti orúnkún tó ń dùn ún. Ẹ̀rín pa mí. Mo fẹ̀yìn ti ògiri, omi ń bọ́ lójú mi. Òun náà di ògiri mú, kò lè mí.

"Ẹ má bínú," mo ní, nígbà tí mo rí ẹnu sọ̀rọ̀. "Ọ̀rọ̀ abẹ́rẹ́ yẹn, kò yẹ kó ti ẹnu mi jáde. Òrí ló dì í. Mo rí i bẹ́ẹ̀."

"Ó ti tán. Orúnkún mi ò fi bẹ́ẹ̀ sùn lánàá."

"Ẹ pẹ̀lẹ́. Ọyẹ́ ni."

Lókè orí wa, àwòdì ké pí-pí-pí bí òròmọdìyẹ. Mo bojú wo ojú fèrèsé mi ní òdìkejì títì. Iná pupa ti lọ. Bùsárì ń pàtẹ́wọ́ fún wa bí ẹni pé ìdíje la jẹ.

Ó kù ká wá tọ́jú Àkéré kí Ìyálóde tó dé. Mo ṣí fèrèsé gbogbo nítorí òórùn omi tí wọ́n fi ń fọ ìbọn. Mo pa iná ìdáná. Mo gbé oúnjẹ kúrò lórí tábìlì, mo tẹ́ aṣọ àtijọ́ sí i. Àpò iyanrìn wà ní kọ̀rọ̀ ilé mi láti ọjọ́ pípẹ́, ibẹ̀ ni ẹnu Àkéré máa ń kọ sí tó bá ti jáde nínú àpótí. Mo ń tò ó lọ báyìí nígbà tí Ìyá Ṣìfáwù gbé ẹsẹ̀ wọlé, ike epo máṣíìnì lọ́wọ́ rẹ̀.

"Ẹ dúró síbẹ̀!"

Ó dúró, ẹsẹ̀ kan nínú ilé, ẹsẹ̀ kan níta.

"Kí ló wà lábíyá yín?"

Ó wo abíyá. "Yéè! Àpótí ọta. Mo ní tá a bá ti parí, ká kúkú gba ibẹ̀ lọ sóko."

"Ibi tí wọ́n bá ti ń nu ìbọn, ọta kì í wọ ibẹ̀, kì í tiẹ̀ dé ẹnu ọ̀nà. Bàbá mi tí mo sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ fún yín yẹn, òun ló wí i: ẹ̀tù àti ìbọn kì í sùn nínú yàrá kan."

Mo rò pé á bínú. Ó wò mí, ó mi orí. "Ọmọ ọdẹ," ó ní. "Aránṣọ gbọ́." Ó padà lọ gbé e sílé.

"Mo ti fẹ́ sọ̀rọ̀ ni," àwòdì wí láti ojú fèrèsé.

"O ti pẹ́ jù," mo ní.

Nígbà tó padà dé, ó wo àpótí mi, ó ní, "Mo gbà." Àpótí dáhùn "kẹ́," ó ṣí. Mo gbé Àkéré. Ìka mi nà gbọọrọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kò sún mọ́ ibi tí wọ́n ń fà. Ẹnu rẹ̀ kọ sí iyanrìn. Mo yọ àpò ọta, ibi tí wọ́n ń to ọta sí, kúrò nídìí rẹ̀, mo gbé e sọ́tọ̀. Mo wá fi àtẹ́lẹwọ́ ti irin òkè sẹ́yìn díẹ̀díẹ̀, ó ń ké, ó ń jà, ó gbà, ó ṣí sílẹ̀ gbayawu.

"Òfìfo ni," mo ní.

Ẹnì kejì gbọ́dọ̀ wò ó, kó sì dáhùn pé "Mo rí i, òfìfo ni," kí ẹnikẹ́ni tó tú ìbọn. Àṣà àwọn ọdẹ wa nìyẹn tipẹ́tipẹ́, ọwọ́ wọn ni ìjọba ti gbà á tó fi di òfin. Ìyá Ṣìfáwù fi gíláàsì sójú. Ó bẹ̀rẹ̀ wò ó. Ó yọ gíláàsì, ó nù ún, ó tún wò ó.

Ó tún fi orí sún mọ́ ọn.

"Ẹ dáhùn o," mo ní.

"Mi ò lè dáhùn."

"Kí ló dé?"

"Nǹkan kan wà nínú ihò yẹn. Ó pọ́n fẹ́ẹ́rẹ́fẹ́, ó ń dán."

Ìdí ọta náà pọ́n, ó ń dán. Mo gbìyànjú láti rántí ọjọ́ ọjà. Ṣé a ti ki ọta sí i kí ìjà tó bẹ̀rẹ̀? Ó dá mi lójú pé a ò ki nǹkan kan sí i. Àbí? Inú tó ń bí mi lọ́jọ́ yẹn, ta ló rántí nǹkan? Mi ò sún ọwọ́. Ẹnu Àkéré dúró sínú iyanrìn.

"Ìyálóde ti dé ẹ̀gbẹ́ àpáta," àwòdì wí.

"Bóyá ojú yín ló ń ṣe bẹ́ẹ̀," mo ní fún Ìyá Ṣìfáwù. "Ẹ kàn dáhùn, ká máa bá iṣẹ́ lọ. Àsìkò ń lọ."

Ó na ara dúró. "Bàbá Ọdẹ́jìnmí. Àjànàkú kọjá 'mo rí nǹkan fìrí.' Bá a bá rí erin, ká sọ pé a rí erin. Mo rí nǹkan. Mi ò ní torí ọkà bàbà sọ pé mi ò rí i. Kí erin jẹ ẹ́, kí ọwọ́ yín kù lára yín."

Ojú tì mí díẹ̀. Inú mi sì tún dùn, torí mo mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ẹni tó yẹ kó máa tọ́jú ọta mi ló ń tọ́jú rẹ̀.

"Ẹ bọ́ sẹ́yìn mi," mo ní. "Ẹ bá mi mú tọ́ọ̀ṣì."

Ó tan ìmọ́lẹ̀ láti èjìká mi. Mo wo inú ihò yẹn dáadáa. Kò ní ìdí róbótó bíi ti ọta. Kò tiẹ̀ ní ojú, kò ní ẹ̀yìn. Mo mú pákò tí mo fi fọ ẹnu láàárọ̀, mo fi orí rẹ̀ kàn án jẹ́jẹ́. Ó rọ̀. Mo wà á jáde, mo gbé e síwájú Ìyá Ṣìfáwù lórí pákò.

Ó gbọ́ òórùn rẹ̀. Ó wò mí.

"Òrí!" la jọ pariwo.

Ẹ̀yin ọmọ mi, ìgbà yẹn ni ẹ̀rín wá gbé wa. Obìnrin náà jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. "Òrí ló ń dẹ́rù bà mí! Òrí ló ń wò mí láti inú ìbọn!" Àwòdì alára ń yí lójú fèrèsé, kò mọ ohun tó máa ṣe sí wa.

Ó dìde, ó nu ojú, ó tún fi gíláàsì wò ó. Ó wò ó pẹ́. "Mo rí i," ó ní. "Òfìfo ni."

A wá ṣiṣẹ́. Mo tú irin òkè kúrò, mo yọ sípíríǹgì, mo yọ ọ̀pá rẹ̀. Mo fi omi ìfọbọn sára búrọ́ọ̀ṣì tẹ́ẹ́rẹ́, mo tì í láti ẹ̀yìn ọ̀pá jáde sí ẹnu. Mo ki àkísà tẹ̀ lé e: ó jáde ní pípọ́n, mo jù ú nù, òmíràn jáde bí eérú, mò ń kì í bẹ́ẹ̀ títí àkísà fi jáde ní funfun bó ṣe wọlé. Ìyá Ṣìfáwù mú búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín àtijọ́, ó ń fi ha òrí kúrò ní gbogbo kọ̀rọ̀, ó ń kọrin lábẹ́ ahọ́n. Ọwọ́ tó ti ń tú máṣíìnì láti ìgbà ọmọge, kò sí ibi tí kò dé. Nígbà tó kan epo, ó dojú ike kọlẹ̀.

"Ó tó, ó tó! Ṣé ẹ fẹ́ dín in ni?"

"Ẹ gbé ẹnu yín sọ́hùn-ún. Èèyàn tó fi odindi igbá òrí pa á!"

Ẹ̀kán ẹ̀kán la fi sí ibi tí irin ti ń gun irin, mo nu ìyókù kúrò, torí epo tó bá pọ̀ máa ń pe eruku ọyẹ́ wá jẹun. Mo tò ó pa dà. Mo kọ ẹnu rẹ̀ sí iyanrìn, mo fa irin òkè. Ó lọ, ó bọ̀, *kíṣi-kíṣi*, bí àlùmọ́gàjí tuntun nínú aṣọ àǹkárá.

"Ẹ gbọ́ ohùn yẹn," Ìyá Ṣìfáwù ní, ó di ojú. "Máṣíìnì gidi."

Àwòdì wọlé, ó yí i po, ó fi iná wo inú rẹ̀. "Ó yege," ó ní. "Ẹ tètè o. Wọ́n ti rí ọkà."

A sáré tó bí orúnkún ṣe gbà wá láyè. Létí oko, wọ́n ti kó òkìtì iyanrìn jọ fún iṣẹ́ yìí. Bùsárì àti àwọn ará ilé gbogbo ti wà lẹ́yìn rẹ̀, òwú ti wà létí wọn. Èmi náà ki òwú bọ etí. Ìyá Ṣìfáwù ti ya ilé gbé àpótí ọta rẹ̀ wá; mo ní "Mo gbà," àpótí ṣí, obìnrin náà ka ọta méjì sí mi lọ́wọ́, mo kì í.

Ìyálóde yọ láàárín igi, eruku pupa lẹ́yìn rẹ̀, yẹtí ń tàn létí rẹ̀. Ẹ wò ó, mi ò lè purọ́, ó rẹwà. Ó ń rìn bí ẹni pé ilẹ̀ ló ń bẹ̀ ẹ́ kó tẹ òun. Ọmọ rẹ̀ kékeré kan rọ̀ mọ́ ọn lẹ́sẹ̀, ó ń fi ọwọ́jà kékeré rẹ̀ gbá koríko bí ọmọ tó rí ìgbálẹ̀.

Mo kọ Àkéré sí òkìtì iyanrìn. *Gbàù!*

Ọmọ erin ló kọ́kọ́ sá. Ìyálóde dúró. Ó wò wá bí àna tí wọ́n gbé ọbẹ̀ tí kò lẹ́ran síwájú. Ó gbé ẹsẹ̀ kan sókè, ó tún sún síwájú.

Ibẹ̀ gan-an ni nǹkan ì bá ti bàjẹ́, ẹ̀yin ọmọ mi. Kí ìbọn yìí tó dún lẹ́ẹ̀kejì, irin òkè gbọ́dọ̀ fúnra rẹ̀ lọ, kó fúnra rẹ̀ bọ̀. Pẹ̀lú òrí yẹn, á ti há. Mo fà á.

*Gbàù!*

Àkéré kọ ọ́ kedere. Ìyálóde da etí bolẹ̀, ó fọn fèrè rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, ó sì yí padà wẹ́rẹ́ bí olóyè tó rántí pé òun níṣẹ́ nílé. Gbogbo agbo yí tẹ̀ lé e. Wọ́n gba ọ̀nà àbàtà lọ, níbi tí omi wà fún wọn, tí koríko wà. Orí ọkà kan ò já.

Ariwo wa ju ti ìbọn lọ! Bùsárì gbé agbọ̀n dé orí bíi fìlà, ó ń jó. Àwọn obìnrin ń lu abọ́. Èmi ò tíì jó. Mo yọ àpò ọta, mo ṣí inú Àkéré, ẹnu rẹ̀ ṣì kọ sí iyanrìn.

"Òfìfo ni," mo ní.

Ìyá Ṣìfáwù wò ó tọkàntọkàn, láàárín gbogbo ariwo yẹn. "Mo rí i. Òfìfo ni."

Nígbà yẹn ni mo tó jó.

Nírọ̀lẹ́, a ti tún Àkéré nù, ó ti padà sínú àpótí, ọta ti padà sí òdìkejì títì. A fi ọṣẹ fọ ọwọ́ dáadáa ká tó jẹun, torí ìdọ̀tí ìbọn kì í ṣe iyọ̀. A jókòó síwájú ilé mi. Ìyá Ṣìfáwù yọ bàtà, mo rí gìgísẹ̀ rẹ̀. Ọyẹ́ ti là á bí ilẹ̀ àbàtà tó gbẹ. Ó sì ti fi ẹsẹ̀ yẹn sáré lọ sáré bọ̀ láti àárọ̀, kò pariwo.

Mo wọlé. Mo gbé igbá òrí kúrò lórí àjà. Mo jókòó, mo bu díẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, mo fi ọwọ́ kejì rà á títí ó fi yọ́, mo wá fi igbá náà àti èyí tó yọ́ síwájú rẹ̀.

"Àkéré ò jẹ ẹ́," mo ní. "Ẹ bá mi fi pa ẹsẹ̀."

Ó pa gìgísẹ̀. Ó pa orúnkún méjèèjì. Ó mí kanlẹ̀. "Bàbá yín mọ nǹkan," ó ní.

Àwòdì rọra bọ́ sílẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. "Ẹ dákun, ṣé ẹ ti kíra yín lálẹ́ yìí?"

"Lọ sùn jàre," Ìyá Ṣìfáwù ní.

Mo bojú wẹ̀yìn. Nínú yàrá mi, iná àpótí ti di àwọ̀ ewé. Ní òdìkejì títì, tirẹ̀ náà ti di àwọ̀ ewé lójú fèrèsé. Òórùn bàbá mi sì gba gbogbo iwájú ilé kan.